Ruth de Souza, òṣèré tí wọn ò fẹ́ kí orúkọ ẹ̀ wà níwájú

Ọ̀pọ̀ yín ló ti ń bi mí pé ìgbà wo ni màá sọ ìtàn òṣèré tí kì í ṣe ará ilé wa níbí. Òní ni o. Ó gùn díẹ̀, ẹ wá ibi jókòó sí.

Obìnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ ẹ̀ yìí, Ruth de Souza lorúkọ ẹ̀, ọmọ Bràsíl ni. Wọ́n bí i ní Rio de Janeiro ní ọjọ́ 12, oṣù Karùn-ún, ọdún 1921. Ó kú ní ọjọ́ 28, oṣù Keje, ọdún 2019, ní ẹni ọdún 98. Nínú ọdún wọ̀nyẹn, ó fi ohun tó lé ní àádọ́rin ọdún ṣeré: tíátà, sinimá, tẹlifíṣọ̀n.

Tẹ́ ẹ bá tẹ orúkọ ẹ̀ sí Google, ọ̀rọ̀ kan ló máa kún ojú yín: "àkọ́kọ́". Òṣèrébìnrin dúdú àkọ́kọ́ tó dé orí pèpéle Theatro Municipal ní Rio. Òṣèrébìnrin Bràsíl àkọ́kọ́ tí wọ́n dárúkọ ẹ̀ fún àmì ẹ̀yẹ sinimá ńlá nílẹ̀ òkèèrè. Obìnrin dúdú àkọ́kọ́ tó ṣe olú ẹ̀dá ìtàn nínú telenovela Globo. Gbogbo ẹ̀ dáa, mi ò bá ẹnikẹ́ni jà. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ "àkọ́kọ́" yẹn kì í tẹ́ mi lọ́rùn. Tẹ́nì kan bá jẹ́ àkọ́kọ́, ohun tí mo máa ń fẹ́ mọ̀ ni pé ta ló ṣìkejì, ìgbà wo ló sì dé?

Kí n tó lọ jìnnà: "ó" ni màá máa pe màmá yìí níbẹ̀rẹ̀, torí ọmọdé ni wọ́n nínú ìtàn. Tí wọ́n bá ti dàgbà, màá yí ohùn padà. Kẹ́nikẹ́ni má wá sọ pé wọn ò kọ́ mi nílé.

Ó yá.

Bràsíl lorílẹ̀-èdè tó fòpin sí oko ẹrú kẹ́yìn ní gbogbo ilẹ̀ Amẹ́ríkà, àríwá àti gúúsù. Ọjọ́ 13, oṣù Karùn-ún, ọdún 1888 ni. Ẹ wo ọjọ́ ìbí Ruth lẹ́ẹ̀kan sí i. Ó ku ọ̀la kí ọjọ́ yẹn pé ọdún 33 ni wọ́n bí i. Ìyẹn ni pé àwọn tó ti ṣẹrú rí ṣì ń rìn nígboro Rio nígbà tó wà lọ́wọ́. Àwọn èèyàn tiwa náà sì wà nínú àwọn tí wọ́n kó lọ. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ka ohun tí mo kọ nípa àwọn Àgùdà Èkó, ẹ ti mọ apá tó padà wálé. Àwọn tí ò rí ọkọ̀ padà ńkọ́? Àárín wọn la wà lónìí.

Ìpínlẹ̀ Minas Gerais ni Ruth ti lo ìgbà èwe ẹ̀, nínú oko. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni nígbà tí bàbá ẹ̀ kú. Ìyá ẹ̀ kó àwọn ọmọ padà sí Rio, ó ń fọṣọ fún àwọn olówó ní Copacabana. Alágbàfọ̀ ni ìyá yẹn o. Copacabana tẹ́ ẹ máa ń rí nínú fọ́tò, tí iyanrìn ń dán, tí òyìnbó nà gbalaja sínú oòrùn, ẹnì kan ló ń fọ aṣọ ìbora wọn.

Ọmọ alágbàfọ̀ yìí wá fẹ́ràn sinimá bí ẹní máa kú. Ó ní òun máa ṣe òṣèré. Àwọn èèyàn fi í rẹ́rìn-ín. Ẹ má bínú sí wọn jù, torí lóòótọ́, kò sí ẹni tó jọ ọ́ lójú agbo. Níbo ló ti máa rí i pé ó ṣeé ṣe?

Ẹ jẹ́ ká fi Ruth síbẹ̀ ná, ká dé Lima, olú ìlú Perú, lọ́dún 1941. Ọ̀dọ́kùnrin dúdú kan láti Bràsíl, Abdias do Nascimento, wọ gbọ̀ngàn tíátà lọ wo The Emperor Jones, eré tí Eugene O'Neill ará Amẹ́ríkà kọ. Ìtàn ọkùnrin dúdú kan tó sá lọ di ọba ní erékùṣù kan ni. Wọ́n ṣí aṣọ ìkélé, Abdias wò ó, ó rí i pé aláwọ̀ funfun ni wọ́n fi ṣe Jones. Wọ́n fi nǹkan dúdú kun ojú ẹ̀. Ó jókòó síbẹ̀, ó ń rò ó pé ní Bràsíl tòun náà, báyìí ni wọ́n máa ń ṣe é: tí ipa dúdú bá ti ní láárí, wọ́n á fi ọ̀dà wá èèyàn dúdú.

Nígbà tó padà délé, ní ọjọ́ 13, oṣù Kẹwàá, ọdún 1944, òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ dá Teatro Experimental do Negro sílẹ̀ ní Rio. Tíátà àwọn èèyàn dúdú. Ibi tó wù mí jù nínú ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ yìí ni àwọn tí wọ́n gbà wọlé: ọmọ ọ̀dọ̀, òṣìṣẹ́ aláàárù, àwọn tó ń gbé ní favela. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ò mọ̀wé, torí náà wọ́n ń kọ́ wọn ní a-b-d pẹ̀lú eré ṣíṣe. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ pé tíátà ò wúlò fún nǹkan kan, ẹ máa gbọ́.

Ruth ka nínú ìwé ìròyìn pé irú ẹgbẹ́ báyìí ti wà. Kò dúró de ẹni tó máa mú un lọ. Ó gbéra, ó lọ bá wọn.

Eré tí Abdias ní kí wọ́n kọ́kọ́ ṣe ni The Emperor Jones yẹn gan-an. Ẹ ò rí i? Èyí tí wọ́n fi ọ̀dà ṣe ní Lima ni wọ́n máa fi ojú dúdú gidi ṣe ní Rio. Wọ́n kọ̀wé sí O'Neill, ó sì fún wọn láṣẹ láìgba kọ́bọ̀. Aguinaldo Camargo ló ṣe Jones. Ọjọ́ tí wọ́n gbé e jáde ni ọjọ́ 8, oṣù Karùn-ún, ọdún 1945, ọjọ́ tí ogun Hítílà parí ní Yúróòpù. Theatro Municipal ni, ibi tí àwọn olówó ti ń lọ gbọ́ orin òpéra.

Arúgbó obìnrin ni Ruth ṣe nínú eré náà. Ipa kékeré. Ó ku ọjọ́ mẹ́rin kó pé ọmọ ọdún 24, ó ń ṣe ìyá àgbà. Ṣùgbọ́n òṣèrébìnrin dúdú kankan ò tíì ṣeré lórí pèpéle yẹn rí kó tó débẹ̀.

Láti ibẹ̀, nǹkan sáré díẹ̀. Ní 1948 ó wọ sinimá, nínú Terra Violenta, tí wọ́n mú látinú ìwé Jorge Amado. Ní 1950 ó gba sikọ́láṣíìpù Rockefeller Foundation, ó lọ lo ọdún kan ní Amẹ́ríkà. Ó kàwé ní Howard University ní Washington, ó tún kọ́ṣẹ́ ní Karamu House ní Cleveland, tíátà tí àwọn òṣèré dúdú ti ń kọ́ṣẹ́. Nígbà tó dé, iléeṣẹ́ sinimá Vera Cruz ní São Paulo gbà á. Ní 1953, Sinhá Moça jáde, fíìmù nípa ìgbà tí oko ẹrú ń kógbá sílé ní Bràsíl. Wọ́n gbé e lọ sí ayẹyẹ sinimá Venice ní Ítálì. Orúkọ Ruth wà lára àwọn tí wọ́n gbé yẹ̀ wò fún òṣèrébìnrin tó dáńtọ́ jù, òun àti Katharine Hepburn àti Michèle Morgan. Lilli Palmer ló gbà á lọ.

Ọmọ alágbàfọ̀ àti Katharine Hepburn lórí ìwé kan náà. Inú mi máa ń dùn tí mo bá ronú kàn án. Lẹ́yìn náà màá tún rántí ipa tó gbé e débẹ̀. Ẹrú ni.

Ẹ jẹ́ ká wá bọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n, torí ibẹ̀ ni mò ń lọ látàárọ̀.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà pẹ̀lú The Rich Also Cry, ẹ mọ ohun tó ń jẹ́ telenovela. Eré tó ń wá lójoojúmọ́, tí ìyá ọkọ burú, tí ọmọ ò mọ bàbá ẹ̀, tí ẹnì kan máa pàdánù iyè. Àǹtí mi kan kì í gbé ìkòkò kaná tó bá ń lọ lọ́wọ́, torí ọbẹ̀ máa jóná ni. Ti Mẹ́síkò nìyẹn ṣá. Ti Bràsíl lágbára ju bẹ́ ẹ ṣe rò lọ. Lálẹ́, tí Globo bá ti gbé telenovela síta, ilé olówó àti ilé tálákà, ohun kan náà ni wọ́n ń wò. Ẹni tí wọ́n bá fi hàn nínú ẹ̀, àti ibi tí wọ́n bá fi í sí, àtọmọdé àtàgbà ló ń kọ́gbọ́n lára ẹ̀. Tó bá jẹ́ pé ilé ìdáná ni wọ́n máa ń fi ọ sí, wọn á gbà pé ilé ìdáná lo ti wá.

Ruth wọ Globo ní 1968, nínú Passo dos Ventos, tí Janete Clair kọ. Ọdún tó tẹ̀ lé e ni wọ́n gbé A Cabana do Pai Tomás dé. Ìtàn Uncle Tom's Cabin nìyẹn, ìwé tí Harriet Beecher Stowe kọ ní Amẹ́ríkà nípa oko ẹrú, tó jáde ní 1852. Wọ́n wá ọkùnrin tó máa ṣe Tomás, ẹrú dúdú. Bràsíl o! Orílẹ̀-èdè tí èèyàn dúdú pọ̀ sí ju ibikíbi lọ tẹ́ ẹ bá ti kúrò ní Áfíríkà. Ta ni wọ́n mú?

Sérgio Cardoso. Gbajúmọ̀ òṣèré, aláwọ̀ funfun.

Wọ́n kùn ún ní dúdú, wọ́n fi wíìgì bò ó lórí, wọ́n ki kọ́ọ̀kì sí ihò imú ẹ̀ kí imú lè fẹ̀. Nínú eré kan náà, òun náà ló tún ṣe Abraham Lincoln. Mi ò ṣàwàdà. Àwọn iléeṣẹ́ ọṣẹ ló máa ń gbówó kalẹ̀ fún telenovela láyé ìgbà yẹn, ọ̀rọ̀ wọn sì máa ń wọlé tó bá di ká yan ẹni tí ojú ẹ̀ máa wà níwájú. Ẹ jẹ́ kí n rẹ́rìn-ín díẹ̀: owó ọṣẹ ni wọ́n fi kun èèyàn ní dúdú.

Kì í ṣe pé gbogbo èèyàn dákẹ́. Plínio Marcos, òǹkọ̀wé eré tó jẹ́ aláwọ̀ funfun, gbé ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé ìròyìn, kò sì rọra sọ ọ́. Ó ní Milton Gonçalves wà níbẹ̀, òṣèré dúdú tó mọṣẹ́, tó tiẹ̀ ti wà ní Globo tẹ́lẹ̀, kí ló dé tí wọn ò fún un? Ariwo ta. Eré ò dúró. Láti oṣù Keje ọdún 1969 ló ti bẹ̀rẹ̀, ó sì wọ 1970.

Ta ló ṣe Cloé, ìyàwó Tomás? Ruth ni.

Ẹ rántí Lima. Ohun tí Abdias rí ní 1941 ló jẹ́ kí wọ́n dá ẹgbẹ́ tó sọ Ruth di òṣèré sílẹ̀. Ọdún 28 lẹ́yìn ẹ̀, Ruth ti dé Amẹ́ríkà, orúkọ ẹ̀ ti dé Venice, ó ti lé ní ogún ọdún nídìí iṣẹ́, òun náà ló wá dúró níwájú kámẹ́rà tó ń pe ọkùnrin tó fi ọ̀dà kun ojú ní ọkọ. Mo ti gbìyànjú láti fojú inú wo ọjọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n jọ ṣe é. Kí lo máa wò? Ojú ẹ̀ àbí ọrùn, níbi tí ọ̀dà ti tán?

Ẹ tún gbọ́ ti orúkọ. Nígbà tí eré náà ń bẹ̀rẹ̀, wọ́n fi orúkọ Ruth síwájú, níbi tó yẹ kí ti olú ẹ̀dá ìtàn wà. Ó sọ ọ́ lẹ́yìn náà pé àwọn òṣèrébìnrin aláwọ̀ funfun tó wà nínú eré náà fárígá, wọn ò fẹ́ kí orúkọ òun ṣáájú tiwọn, wọ́n sì gbé e kúrò níbẹ̀. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá mọ bí ìjà orúkọ orí pósítà ṣe máa ń le láàárín àwọn òṣèré tiwa, ẹ mọ̀ pé kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìgbéraga. Ibi tí orúkọ ẹ bá wà lónìí ló ń sọ iye tí wọ́n máa bá ẹ ṣòwò lọ́la.

Òun nìyẹn, "àkọ́kọ́" ti Globo. Ẹ wá jẹ́ ká bèèrè èkejì.

(Ká má purọ́, ní ilé tẹlifíṣọ̀n mìíràn, TV Tupi, Yolanda Braga ti ṣe olú ẹ̀dá ìtàn ní 1965 nínú A Cor da Sua Pele. Globo ni mò ń sọ, torí òun ló wá di ọ̀gá gbogbo wọn.)

Láti 1969, ó di 2004 kí Globo tó tún fi obìnrin dúdú ṣe olú ẹ̀dá ìtàn telenovela: Taís Araújo, nínú Da Cor do Pecado. Ọdún 35. Ọmọ tí wọ́n bí ní ọjọ́ tí A Cabana bẹ̀rẹ̀ á ti gbéyàwó, á ti bímọ. Tí wọ́n bá ní Ruth ló ṣílẹ̀kùn, èmi a ní òun ló ráyè gba ẹnu ọ̀nà kọjá, wọ́n sì tilẹ̀kùn náà mọ́ àwọn tó wà lẹ́yìn ẹ̀.

Ọdún 35 yẹn ò sì kọjá láìsí ẹni tó kanlẹ̀kùn. Ní 1984, Zezé Motta ṣe Sônia nínú Corpo a Corpo, obìnrin tó kàwé, tó níṣẹ́ gidi lọ́wọ́, tó ń fẹ́ ọkùnrin aláwọ̀ funfun. Àwọn òǹwòran kan bínú débi pé ọ̀rọ̀ ọ̀hún di ti gbangba. Tó bá jẹ́ pé ó ń gbé tíì wọlé fún bàbá ọkùnrin náà ni, kò sẹ́ni tó máa sọ̀rọ̀.

Joel Zito Araújo, tó ń ṣe fíìmù, jókòó ti ọ̀rọ̀ yìí. Ó wo àwọn telenovela láti ìgbà tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ títí dé òpin àwọn ọdún 1990, ó kọ̀wé lé e, ó sì ṣe fíìmù A Negação do Brasil ní 2000. Nínú ìdá mẹ́ta telenovela tí Globo ṣe láàárín àsìkò yẹn, ìdá kan ò ní èèyàn dúdú kan ṣoṣo nínú. Nínú ètò ìkànìyàn 2022, èèyàn tó lé ní márùn-ún nínú mẹ́wàá ní Bràsíl ló pe ara wọn ní dúdú tàbí àdàlù. Ẹ fi méjèèjì síra wọn.

Ohun táwọn kan máa ń sọ ni pé, kí ló dé tí Ruth gba àwọn ipa yẹn? Ẹrú, ọmọ ọ̀dọ̀, ìyá arúgbó tó ń gbàdúrà ní igun ilé. Wọ́n ní ó yẹ kó kọ̀ ọ́. Mo mọ irú àwọn èèyàn yìí, wọ́n pọ̀ lórí app yìí, inú yàrá ni wọ́n ti máa ń jagun. Kò sí ìtìjú nínú ọmọ ọ̀dọ̀. Alágbàfọ̀ ni ìyá Ruth, ọmọ ọ̀dọ̀ kún inú ẹgbẹ́ tó ti kọ́ eré. Ohun tó burú ni pé ọmọ ọ̀dọ̀ inú telenovela kì í nílé, kì í lọ́mọ, kì í ní àárọ̀ tàbí alẹ́. Ó gbé kọfí wọlé, ó jáde. Àwọn tó kọ ọ́ ò mọ orúkọ bàbá ẹ̀. Iṣẹ́ tí Ruth ń ṣe ni kó fún un ní orúkọ bàbá láàárín ìṣẹ́jú méjì tí wọ́n fún un.

Wàyí o, ẹ má rò pé Bràsíl nìkan ni mò ń nà. Ẹ wo fíìmù tiwa. Mègádì, wọ́n á ní kó máa pọ́n ahọ́n bí ará òkè ọya. Ọmọ ọ̀dọ̀, ó di dandan kó wá láti Calabar tàbí Kútọnu, kó máa ṣi ọ̀rọ̀ sọ kí àwọn èèyàn lè rẹ́rìn-ín. Àwa ò kun ojú, ahọ́n là ń kùn.

Èmi tí mò ń kọ̀wé yìí, ọdún tí mo jáde yunifásítì, mo lọ síbi tí wọ́n ti ń yan òṣèré. Mo ti há ọ̀rọ̀ mi sórí fún ọjọ́ mẹ́ta. Mi ò tíì lanu tí ẹnì kan lẹ́yìn tábìlì fi sọ pé, "Èyí máa dáa fún ọmọ ọ̀dọ̀." Wọn ò tíì gbọ́ ohùn mi o. Àwọ̀ mi ni wọ́n kà. Mo ṣe ìlà tí wọ́n fún mi, mo kí wọn, mo lọ sílé. Owó tí mo fi pamọ́ ni mo fi ra igi ìgbé-fóònù tẹ́ ẹ máa ń rí òjìji ẹ̀ nínú fídíò mi. Nítorí náà, tí ẹnì kan bá ń sọ ohun tó yẹ kí Ruth ṣe, mo máa ń bi í pé ní 1969, fóònù wo ni kó gbé kalẹ̀?

Ẹ jẹ́ kí n sọ ipa tí mo rò pé ó yẹ kí wọ́n máa fi rántí ẹ̀. Ní 1960, Carolina Maria de Jesus, tó ń ṣa bébà nínú ààtàn ní favela Canindé ní São Paulo, tẹ ìwé tó ń kọ lójoojúmọ́ jáde. Quarto de Despejo lorúkọ ẹ̀, ó sì tà wàràwàrà. Nígbà tí wọ́n sọ ọ́ di eré tíátà ní 1961, Ruth ló ṣe Carolina. Òun àti Carolina fúnra ẹ̀ jọ lọ sí favela náà kó lè fojú rí ibẹ̀. Ẹ wo ìyàtọ̀: òtòṣì obìnrin dúdú ni lóòótọ́, ṣùgbọ́n ó ń kọ̀wé, ó ń bínú, ó ń ronú, àwọn ọmọ ẹ̀ lórúkọ. Ní 1983 Ruth tún ṣe é lórí tẹlifíṣọ̀n Globo.

O Bem-Amado náà ń bẹ o, ti 1973, telenovela aláwọ̀ mèremère àkọ́kọ́ ní Bràsíl, tí Dias Gomes kọ. Agbẹ̀bí ni Ruth níbẹ̀, Chiquinha do Parto. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá fẹ́ràn ìlú tí olóṣèlú ti ya wèrè, ẹ wá a wò: olórí ìlú kan kọ́ itẹ́ òkú, kò wá rí òkú tó máa fi ṣí i.

Kí n yà sílé díẹ̀. Abdias, ọ̀gá Ruth àtijọ́, wá di ẹni tí ìjọba ológun Bràsíl ò fẹ́ rí. Ṣé ẹ mọ ibi tó wá? Ilé-Ifẹ̀. Ní 1976 sí 1977, olùkọ́ àlejò ni ní yunifásítì Ifẹ̀. Nígbà FESTAC ní Èkó ní 1977, ìjọba ilẹ̀ ẹ̀ ò fẹ́ kó sọ̀rọ̀, torí ó fẹ́ sọ pé irọ́ ni pé kò sí ẹlẹ́yàmẹ̀yà ní Bràsíl. Ìbàdàn ni wọ́n ti bá a tẹ ọ̀rọ̀ ọ̀hún ní ìwé lọ́dún yẹn, Sketch ló tẹ̀ ẹ́. Ohun tí wọn ò jẹ́ kó sọ nílé ẹ̀, ilẹ̀ Yorùbá ló ti rí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé. Mo fẹ́ kẹ́ ẹ mọ̀ ọ́n, torí wọn ò kọ́ wa ní ilé ìwé.

Ó yá, Ruth ti dàgbà báyìí. Màmá Ruth la bá pàdé, mo sì ti yí ohùn padà bí mo ṣe ṣèlérí.

Màmá ò fi eré sílẹ̀. Nígbà tí O Clone jáde ní 2001, ẹni ọgọ́rin ọdún ni wọ́n, wọ́n wà níbẹ̀, wọ́n ṣe Dona Mocinha. Ní 2004, Joel Zito yẹn, tó ti ka iye èèyàn dúdú tí kò sí nínú telenovela, ṣe fíìmù tiẹ̀, As Filhas do Vento, tí òṣèré dúdú kún inú ẹ̀ bámúbámú. Ìtàn ọmọ ìyá méjì ni: ọ̀kan jókòó ti bàbá wọn ní ìlú kékeré, èkejì sá lọ di òṣèré. Màmá Ruth ló ṣe èyí tó di òṣèré. Léa Garcia ló ṣe èyí tó dúró. Taís Araújo, èkejì tí mo ń wá láti òkè, wà nínú fíìmù náà. Ní ayẹyẹ sinimá Gramado, wọ́n fún Màmá àti Léa ní àmì ẹ̀yẹ òṣèrébìnrin tó dáńtọ́ jù, wọ́n jọ gbà á. Ẹni ọdún 83 ni Màmá.

Ẹ wo fíìmù yẹn tẹ́ ẹ bá rí i. Ẹ fojú sí bí àwọn ìyá méjèèjì ṣe ń dákẹ́ síra wọn. Ẹni tó bá ní àbúrò tàbí ẹ̀gbọ́n tí wọn ò tíì parí ìjà, kó fi aṣọ ìnujú sítòsí.

Ní Carnival 2019, ẹgbẹ́ samba Acadêmicos de Santa Cruz ní Rio fi ìtàn ìgbé ayé Màmá ṣe àkọlé ìjáde wọn. Ẹni ọdún 97 ni wọ́n, wọ́n sì bá wọn jáde. Ní oṣù Keje ọdún yẹn, òtútù àyà mú wọn, wọ́n kú sí ilé ìwòsàn ní Copacabana, àdúgbò tí ìyá wọn ti fọṣọ. Theatro Municipal ni wọ́n tẹ́ òkú wọn sí kí àwọn èèyàn lè wá dágbére.

Ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, Léa Garcia ló kàn. Ìtàn ikú tiẹ̀ nìkan tó thread kan.